Orúkọ Tó Yẹ Kó Wà Lẹ́yìn Àwòrán

Nínú yàrá ìyá bàbá mi ní Àjàṣẹ́, àwòrán kan wà lára ògiri tí ó ti pọ́n bí ewé tí oòrùn pa. Ọkùnrin mẹ́ta dúró nínú rẹ̀, obìnrin méjì jókòó, ọmọdé kan sì wà lórí ẹní níwájú wọn. Nígbà tí mo wà ní kékeré, mo bi ìyá àgbà pé ta ni àwọn wọ̀nyí. Ó fi ìka tọ́ ọ̀kan nínú àwọn obìnrin náà, ó ní, "Ìyá mi nìyẹn." Mo ní àwọn yòókù ńkọ́. Ó wò ó títí, ó ní, "Ará ilé ni wọ́n." Mo sáré jáde lọ ṣeré. Nígbà tí ìyá àgbà fi ayé sílẹ̀, a sọ àwòrán náà kalẹ̀, a yí ẹ̀yìn rẹ̀ wò. Òǹtẹ̀ ayàwòrán nìkan ni a rí. Orúkọ ẹni tí ó ya àwòrán wà níbẹ̀. Orúkọ àwọn tí ó yà kò sí.

Ọjọ́ náà ni ìbéèrè kan wọ̀ mí lọ́kàn, kò sì jáde mọ́. Bí ojú ènìyàn bá kù láyé tí orúkọ rẹ̀ sì ti sọnù, kí ni ó kù nínú ẹni náà? Ǹjẹ́ ẹni tí ó ya àwòrán jẹ ẹni tí a yà ní gbèsè kankan? Bí gbèsè bá wà, ta ni yóò san án nígbà tí àwọn méjèèjì bá ti kú? Ẹlòmíràn lè rò pé ọ̀rọ̀ kékeré ni èyí. Èmi náà rò bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀, títí mo fi mọ ìtàn òṣèrébìnrin kan tí ó wá sí Tógò ní ìgbà tí sinimá kò tíì máa fọhùn. Ìtàn rẹ̀ ni mo fẹ́ fi yẹ ọ̀rọ̀ yìí wò, nítorí pé nínú àwòrán kan náà ni a ti rí ẹni tí orúkọ rẹ̀ yè àti àwọn tí orúkọ wọn kò yè.

Ẹni tí ó wá

Meg Gehrts ni orúkọ rẹ̀. Ìlú Hamburg, èbúté ńlá ilẹ̀ Jámánì, ni a ti bí i ní ọdún 1891. Nígbà tí ó dàgbà tó láti ṣeré, sinimá ṣì jẹ́ ohun tuntun, kò sì ní ohùn. Àwòrán a máa rìn, a máa sáré, a máa sunkún. Ètè òṣèré a máa mì, ṣùgbọ́n etí kò ní gbọ́ ohun tí ó wí. Bí ọ̀rọ̀ bá di kòṣeémánìí, wọn a kọ ọ́ sójú aṣọ kí àwọn òǹwòran kà á, eré a sì máa bá a lọ. Ojú ni irinṣẹ́ òṣèré nígbà náà. Àwa náà máa ń wí pé ojú lọ̀rọ̀ wà. Àwọn òṣèré ayé ìgbà yẹn fi òwe yìí ṣe iṣẹ́ jẹun.

Ní ọdún 1913, Hans Schomburgk, ọdẹ àti arìnrìn-àjò ọmọ Jámánì, ń múra láti lọ ya sinimá ní Tógò, ilẹ̀ tí Jámánì ti ń ṣàkóso láti ọdún 1884. Oríṣi sinimá méjì ni ó ní lọ́kàn. Èkíní ni èyí tí yóò fi iṣẹ́ ọwọ́ àti ìgbé ayé àwọn ará Tógò han àwọn ará Yúróòpù: òwú ríran, aṣọ híhun, ìkòkò mímọ, ijó àti ìlù. Èkejì ni eré oníìtàn, níbi tí obìnrin aláwọ̀ funfun kan yóò ti jẹ́ olórí òṣèré láàrin àwọn ènìyàn dúdú. Meg Gehrts, ọmọ ọdún 22, gbà láti lọ. Ọmọ Gẹ̀ẹ́sì kan tí ń jẹ́ Hodgson ni ó di ẹ̀rọ ayàwòrán mú.

Ojú irin ni ó gbé wọn láti Lomé dé agbègbè Atakpamé. Ilẹ̀ yìí kò ṣàjèjì sí àwa tí ń ka ìwé ìròyìn yìí: ibẹ̀ ni àwọn Ànà wà, tí wọ́n ń pe ara wọn ní Ifẹ̀, tí èdè wọn sì bá tiwa tan. Nítòsí ibẹ̀, ní Kamina, àwọn ará Jámánì ń kọ́ ilé iṣẹ́ wáyà aláìlókùn ńlá kan lọ́wọ́, lábẹ́ ẹnjiníà tí ń jẹ́ Anton Codelli, kí Tógò lè máa bá Nauen, lẹ́bàá Berlin, sọ̀rọ̀ láti òkèèrè. Lẹ́yìn ibẹ̀, ojú irin parí. Ẹsẹ̀, ẹṣin, àti ibùsùn aṣọ tí àwọn ènìyàn fi òpó gbé lé èjìká ni ó kù. Wọ́n kọjá sí Sokodé, wọ́n dé Paratau àti Bafilo, wọ́n sì lọ títí dé Mango ní apá òkè. Meg Gehrts kọ ọ́ sílẹ̀ pé ní ọ̀pọ̀ ibi tí òun dé, òun ni obìnrin aláwọ̀ funfun àkọ́kọ́ tí àwọn ará ibẹ̀ fi ojú rí. Bí ó ti ń wò wọ́n ni àwọn náà ń wò ó.

Ní ọdún 1914 ó padà sí Yúróòpù. Kí ọdún náà tó parí, ogun ti bẹ́ sílẹ̀. Ní oṣù kẹjọ, àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì wọ Tógò láti Gold Coast, àwọn ọmọ ogun Faransé sì wọ̀ ọ́ láti Dahomey, èyí ni láti ọ̀dọ̀ wa níhìn-ín. Àwọn ará Jámánì fúnra wọn fọ́ ilé iṣẹ́ Kamina tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ́, ní òru ọjọ́ 24 mọ́jú ọjọ́ 25. Ní ọjọ́ 26 wọ́n túúbá. Ìjọba tí ó la ọ̀nà fún òṣèrébìnrin náà ti tán ní Tógò kí ọdún kan tó pé tí ó rìn ín.

Iṣẹ́ sinimá rẹ̀ náà kò pẹ́. Sinimá Schomburgk kan tí ó kópa nínú rẹ̀ ṣì jáde ní ọdún 1921, èmi yóò sì padà sórí èyí láìpẹ́. Ó wà láyé títí di ọdún 1966. Nínú ọdún 75 tí ó lò, díẹ̀ ni ó lò níwájú ẹ̀rọ ayàwòrán. Fíìmù ìgbà náà kò sì ṣeé gbẹ́kẹ̀ lé: a máa gbiná kíákíá, bí kò bá sì jóná, a máa jẹrà nínú agolo rẹ̀. Ní ọdún 2013, ilé ìkàwé ńlá ìjọba Amẹ́ríkà, Library of Congress, gbé ìwádìí kan jáde nípa àwọn sinimá gígùn aláìfọhùn tí a ṣe ní orílẹ̀-èdè náà láàrin ọdún 1912 sí 1929. Wọ́n fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 11,000. Nínú ọgọ́rùn-ún, 14 péré ni ó kù bí a ti kọ́kọ́ gbé wọn jáde. Bí ti Amẹ́ríkà tí ó lówó bá rí báyìí, kí ni òṣèré tí kò lókìkí yóò retí?

Síbẹ̀ a mọ orúkọ Meg Gehrts lónìí. Ìwé ni ó gbà á là. Ó ń kọ ohun tí ojú rẹ̀ rí sílẹ̀ bí ó ti ń rìn, ó sì sọ ọ́ di ìwé, A Camera Actress in the Wilds of Togoland, tí a tẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù ní ọdún 1915, nígbà tí Gẹ̀ẹ́sì àti Jámánì ń bá ara wọn jà lọ́wọ́. Àwòrán pọ̀ nínú ìwé náà. Àwọn àwòrán wọ̀nyí ni ó gbé mi padà sí yàrá ìyá àgbà.

Àwọn tí ó yí i ká

Ẹ jẹ́ kí a ka àwọn tí kò bá sí wọn, ìrìn-àjò yẹn kì bá ti ṣeé ṣe. Ẹ̀rọ ayàwòrán, àpótí fíìmù, oògùn tí a fi ń fọ fíìmù, àgọ́, oúnjẹ, aṣọ eré: lẹ́yìn tí ojú irin parí, orí ènìyàn ni ọ̀pọ̀ jùlọ wọn gùn dé òkè. Ọ̀nà tí wọ́n gbà pàápàá, iṣẹ́ ọwọ́ àwọn ọmọ ilẹ̀ ni. Ní Tógò ìgbà náà, ọkùnrin tí ó bá ti tójú bọ́ gbọ́dọ̀ fi ọjọ́ 12 lọ́dún ṣiṣẹ́ fún ìjọba bí owó orí, àyàfi bí ó bá rí owó san dípò rẹ̀. Lẹ́yìn wọn ni àwọn obìnrin tí ó ran òwú níwájú ẹ̀rọ ayàwòrán, àwọn tí ó hun aṣọ, àwọn tí ó jó. Lẹ́yìn wọn ni àwọn ará ìlú tí ó ṣe jagunjagun, àwòrò òrìṣà àti èrò nínú àwọn eré oníìtàn.

Èyí tí a mọ̀ jù nínú àwọn eré náà ni Die weiße Göttin der Wangora, tí a lè pè ní Òrìṣàbìnrin Funfun ti Wangora. Ọmọdé aláwọ̀ funfun kan ni òkun gbé jù sí èbúté. Àwọn ènìyàn dúdú tọ́ ọ dàgbà, wọ́n sì sọ ọ́ di òrìṣà. Nígbà tí ó yá, ọkùnrin aláwọ̀ funfun kan dé. Ọmọbìnrin náà fẹ́ràn rẹ̀, ó sì bá a sá lọ. Òǹwòran ní Yúróòpù yóò yọ̀ pé ọmọ ti padà sọ́dọ̀ àwọn tirẹ̀. Ẹni tí a bá tọ́ ní ilẹ̀ wa yóò béèrè nǹkan mìíràn: ta ni ó fún un ní ọyàn? Ta ni ó pọ̀n ọ́ nígbà tí ibà mú un? Ẹni tí ó tọ́jú ọmọ òrukàn ni a ń pè ní ìyá rẹ̀. Nínú eré yìí, ìyá bẹ́ẹ̀ kò ju ara èrò tí ó wà lẹ́yìn lọ.

Nínú sinimá aláìfọhùn, kò sí ẹni tí ó sọ̀rọ̀ tí etí gbọ́. Ẹ̀rọ ayàwòrán kò gbọ́ Jámánì, kò sì gbọ́ èdè Tem tí wọ́n ń sọ ní Paratau. Nígbà tí Meg Gehrts àti obìnrin abúlé kan bá jọ dúró níwájú rẹ̀, ojú nìkan ni àwọn méjèèjì ní, ìmọ́lẹ̀ kan náà ni ó sì mú ojú wọn. Fún ìwọ̀nba àkókò yẹn, dọ́gba ni wọ́n. Ìgbà tí wọ́n dé ibi tí a ti ń fi ọ̀rọ̀ sí àwòrán ni ìyàtọ̀ wọlé. Ọ̀kan gba orúkọ àti orúkọ bàbá. Èkejì di jagunjagun Konkomba, obìnrin Tamberma, ọmọbìnrin abúlé báyìí báyìí. Kì í ṣe pé ìwé náà kò dárúkọ ọmọ ilẹ̀ kankan rárá. Ọba Paratau ní orúkọ níbẹ̀. Ṣùgbọ́n orúkọ ẹ̀yà ni ó bọ́ sí ọ̀pọ̀ jùlọ wọn lọ́wọ́, bí ìgbà tí ènìyàn bá ń kó ewé àti labalábá jọ.

Ṣé olè ni?

Àwọn kan máa ń wí pé olè ni ayàwòrán ìgbà náà jà. N kò gbà bẹ́ẹ̀ tán. Bí olè bá mú aṣọ mi lọ, aṣọ kò sí lára mi mọ́. Ṣùgbọ́n obìnrin tí a yà nídìí òwú rẹ̀ mú ojú rẹ̀ padà sílé lálẹ́ ọjọ́ yẹn, ọkọ àti ọmọ rẹ̀ sì mọ̀ ọ́n. A kò mú ojú kúrò lójú rẹ̀. Nítorí náà ó yẹ kí a wádìí ohun tí a mú gan-an.

Ohun tí mo rò pé a mú ni àṣẹ láti sọ ẹni tí ó jẹ́. Nílé rẹ̀, bí àlejò bá tọ́ka sí i pé ta nìyí, ẹnikẹ́ni lè dáhùn: ọmọ lágbájá ni, ìyàwó lágbájá, òun ni òwú rẹ̀ dára jù ní àdúgbò. Nígbà tí àwòrán rẹ̀ bá dé Hamburg tàbí Lọ́ńdọ̀nù láìní orúkọ, kò sí ẹni tí yóò dáhùn fún un. Àwòrán tí kò lórúkọ dà bí ewúrẹ́ tí kò lámì: ẹni tí ó bá kọ́kọ́ mú okùn rẹ̀ ni yóò sọ pé tòun ni.

Ẹ wo sinimá ọdún 1921 tí mo ti mẹ́nu kàn. Àkọlé rẹ̀ ní èdè Jámánì ni Eine Weiße unter Kannibalen, èyí ni Obìnrin Funfun Kan Láàrin Àwọn Ajẹ̀nìyàn. Ẹni tí ó san owó wọlé kò nílò láti mọ ìlú wo ni, tàbí ẹni tí ó jẹ ta ni. Àkọlé ti sọ fún un kí ó tó jókòó. Bí ọ̀kọ̀ọ̀kan nínú àwọn dúdú tí ó wà níwájú rẹ̀ bá ní orúkọ, ìyá àti abúlé, ṣé yóò rọrùn tó bẹ́ẹ̀ láti pè wọ́n ní ajẹ̀nìyàn? Mo rò pé yóò ṣòro díẹ̀. Kì í ṣe pé orúkọ ń sọ ènìyàn búburú di rere. Ṣùgbọ́n ó ń mú kí ẹni tí ó fẹ́ purọ́ mọ́ ọ rántí pé ẹnìkan lè bọ́ síta wá jẹ́rìí.

Ìpamọ́ àti ìsọnù

Àgbà kan tí mo bá jíròrò ọ̀rọ̀ yìí ní Kétu ta kò mí, àtakò rẹ̀ sì wúwo. Ó ní, "Ìwọ ń sọ pé àìdárúkọ òṣèré burú. Àwa ńkọ́? Nígbà tí eégún bá jáde, ta ni ń pe orúkọ ẹni tí ó wà lábẹ́ aṣọ? Ṣé a rẹ́ ẹ jẹ ni?" Mo dákẹ́. Alẹ́ ọjọ́ yẹn ni mo tó rí ohun tí mo ìbá fi dá a lóhùn.

Ìpamọ́ kì í ṣe ìsọnù. A kì í pe orúkọ ẹni tí ó wà lábẹ́ aṣọ, ṣùgbọ́n òun fúnra rẹ̀ ni ó gbà láti wọ aṣọ náà, ó mọ ìdí rẹ̀, ó sì mọ àwọn tí òun ń jó fún. Nígbà tí ó bá padà sílé, wọn a pe orúkọ rẹ̀, wọn a ki oríkì rẹ̀, omi tútù a tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́. Nídìí Gẹ̀lẹ̀dẹ́, èyí tí Kétu ní lógún tí UNESCO sì kà mọ́ ogún gbogbo ènìyàn láti ọdún 2001, ọ̀rọ̀ náà tún yé wa jù bẹ́ẹ̀ lọ. Igi gbígbẹ́ wà lórí oníjó, aṣọ bò ó, ṣùgbọ́n àwọn ará ìlú mọ ẹsẹ̀ oníjó dáadáa, wọ́n sì mọ ọwọ́ ẹni tí ó gbẹ́ igi náà. Ìlú ni ó di orúkọ wọn mú. Bí a bá béèrè lọ́wọ́ ẹni tí ó tọ́, ìdáhùn wà.

Ẹni tí ó gun ẹṣin ní Paratau fún ẹ̀rọ ayàwòrán kò yan àìlórúkọ. Kò sí ẹni tí ó pa orúkọ rẹ̀ mọ́ nítorí ọ̀wọ̀; wọn kò rò pé ó tọ́ sí kíkọ ni. Eré tí ó ṣe, àwọn ará òkèèrè ni a ṣe é fún. Bí a bá béèrè orúkọ rẹ̀ lọ́wọ́ àwọn tí ó ni fíìmù, wọn kò ní sọ pé àṣírí ni. Wọn yóò sọ pé àwọn kò mọ̀. Nínú ìpamọ́, ẹnìkan mọ̀, ó sì yàn láti dákẹ́. Nínú ìsọnù, kò sí ẹni tí ó mọ̀.

Gbèsè ta ni?

Ṣé Meg Gehrts ni kí a wá dá lẹ́bi? Mo ti rò ó síwá sẹ́yìn. Ó wà ní ọmọ ọdún 22. Kì í ṣe òun ni ó ra ẹ̀rọ ayàwòrán, kì í ṣe òun ni ó ń ṣàkóso Tógò. Òun náà fi ojú rẹ̀ fún ìtàn tí àwọn ẹlòmíràn fẹ́ tà. Ìwé rẹ̀ ní ìgbéraga àwọn aláwọ̀ funfun ìgbà náà nínú, kò sì yẹ kí a bo èyí mọ́lẹ̀ fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa. Ṣùgbọ́n obìnrin ni, ó sì wo iṣẹ́ àwọn obìnrin àti ìgbé ayé àwọn ọmọdé pẹ̀lú ìfẹ́ láti mọ̀ ọ́n, níbi tí ọ̀pọ̀ ọkùnrin arìnrìn-àjò máa ń kọjá láìwò. Bí kò bá kọ ọ́, ohun tí a mọ̀ nípa àwọn obìnrin wọ̀nyẹn ní ọdún 1913 ìbá kéré sí èyí tí a mọ̀ lónìí. A lè dúpẹ́ lọ́wọ́ ẹni tí ó jẹ wá ní gbèsè. Ọpẹ́ kò pa gbèsè rẹ́.

Gbèsè kì í béèrè bí ọkàn ẹni tí ó jẹ ẹ́ bá mọ́. Ẹni tí ó yá àgbàdo gbìn ní inú rere, kí ó tó san án ni ikú dé. Àgbàdo ṣì jẹ́ gbèsè, ẹni tí ó bá jogún oko rẹ̀ ni yóò san án. Báyìí ni mo ṣe lóye gbèsè orúkọ. Àwọn tí ó yà àti àwọn tí a yà ti lọ. Àwòrán ni oko tí ó kù. Ẹni tí ó bá di àwòrán náà mú lónìí ni gbèsè wà lọ́rùn rẹ̀, ìbáà jẹ́ ilé ìpamọ́ ní Yúróòpù, ìbáà jẹ́ ilé ìwé, ìbáà jẹ́ ẹbí.

Ibí yìí ni ọ̀rọ̀ ti yí padà bá èmi fúnra mi. Ayàwòrán tí òǹtẹ̀ rẹ̀ wà lẹ́yìn àwòrán ilé wa kì í ṣe ará Jámánì. Ọmọ Àjàṣẹ́ ni, orúkọ rẹ̀ fi hàn bẹ́ẹ̀. Ó kọ orúkọ ara rẹ̀, kò kọ ti àwọn yòókù. Àwa ọmọ ilé ńkọ́? Ó lé ní 20 ọdún tí mo fi ń wọ yàrá ìyá àgbà jáde lẹ́yìn ọjọ́ tí mo kọ́kọ́ bi í léèrè. N kò tún béèrè mọ́. Mo mọ ìwé kọ, ní èdè méjì. Ìyá àgbà mọ àwọn ènìyàn náà, kò mọ ìwé kọ. Ohun tí ó yẹ kí a fi pàdé ara wa wà lọ́wọ́ àwa méjèèjì, mo jẹ́ kí ó bọ́. Kí n tó bínú sí Schomburgk pé ó kọ "jagunjagun" dípò orúkọ, ó yẹ kí n rántí pé èmi náà gba "ará ilé" gẹ́gẹ́ bí ìdáhùn.

Lọ́dún tó kọjá, mo gbé àwòrán náà káàkiri àwọn àgbààgbà ẹbí wa. Ọ̀pọ̀ kò mọ̀. Ní ìkẹyìn, ìyá kan tí ojú rẹ̀ ti ń ṣe bàìbàì ní kí n gbé e sún mọ́ ìmọ́lẹ̀. Ó fi ọwọ́ kan ọkùnrin tí ó dúró ní ìgbẹ̀yìn lápá òsì, ó sì pe orúkọ rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, bí ìgbà tí ènìyàn pe ẹni tí ó ń kọjá lójúde. Ó ní ọkùnrin náà kì í ṣe ẹbí wa. Ọmọ Ṣábẹ̀ ni, ó wá ṣiṣẹ́ lọ́dọ̀ bàbá ńlá wa, òun ni ó ń ru ẹrù lọ sí ọjà, ó sì kú láìní ọmọ ní Àjàṣẹ́. "Ará ilé" tí ìyá àgbà wí, òótọ́ ni: ó gbé nínú ilé. Ẹni tí ó ń ru ẹrù wa ni a kọ́kọ́ gbàgbé.

Mo mú pẹ́ńsùlù, mo kọ orúkọ rẹ̀ sẹ́yìn àwòrán, mo kọ ìlú rẹ̀, mo sì kọ orúkọ ìyá tí ó sọ ọ́ fún mi àti ọjọ́ tí ó sọ ọ́. N kò ní kọ orúkọ náà síhìn-ín. A ṣì ń wá àwọn ẹbí rẹ̀ ní Ṣábẹ̀. Àwọn ni ó yẹ kí wọ́n kọ́kọ́ gbọ́ ọ, kí wọ́n sì sọ bóyá kí a tẹ̀ ẹ́ jáde tàbí kí a má tẹ̀ ẹ́.

Mo ní ìbéèrè kan fún ẹgbẹ́ wa. Ǹjẹ́ kò yẹ kí ọmọ ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan mú àwòrán kan láti ilé rẹ̀, kí ó lọ jókòó ti àgbà kan pẹ̀lú rẹ̀ kí ọdún yìí tó parí? Ohun mẹ́rin péré ni kí a kọ sẹ́yìn rẹ̀: ta ni, níbo, nígbà wo, ta ni ó sọ ọ́. Pẹ́ńsùlù ni kí a fi kọ ọ́, kí tàdáwà má baà jẹ àwòrán. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tí ó gbọ́ Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì lè ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ: kí wọ́n ya àwọn àwòrán inú ìwé Meg Gehrts sórí bébà, kí wọ́n gbé wọn lọ sí Sokodé, sí Paratau, sí Bafilo, kí wọ́n sì fi wọ́n han àwọn ọmọ ọmọ àwọn tí a yà. Ó ti lé ní 110 ọdún. Ó lè jẹ́ pé orúkọ kan ṣoṣo ni wọn yóò rí mú bọ̀, ó sì lè jẹ́ pé wọn kò ní rí rárá. Kí wọ́n lọ béèrè.

Nínú àwòrán tiwa, ọkùnrin méjì, obìnrin kan àti ọmọdé orí ẹní ṣì kù. Ìyá tí ó mọ ọkùnrin Ṣábẹ̀ ní kí n padà wá lẹ́yìn ìkórè, ó ní ojú ọmọ náà ń wọ òun lọ́kàn.